Eegun Ìhà tó Di Igi Imú: Ọjọ́ Iṣẹ́ Abẹ Ọmọ Sekona Kan

Aago 5:00 ìdájí

Kí ládàánì tó pe ìrun àsùbáà ni Kárà Sekona, ọjà màlúù wa, ti máa ń kún. Ọkọ̀ àjàgbé ti já ẹran sílẹ̀ lóru, àwọn darandaran ń fi ọ̀pá yà wọ́n sọ́tọ̀, àwọn alápatà tó wá láti Ẹdẹ àti Òṣogbo sì ti ń tan tọ́ọ̀ṣì wo èyí tó sanra. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kò sí láàárín wọn lónìí. Ẹni ọdún 23 ni, òun àti bàbá rẹ̀ ni wọ́n jọ ń ṣòwò màlúù látìgbà tó ti jáde girama. Àná ni wọ́n ti dá a dúró sí ilé ìwòsàn ńlá kan, nítorí pé òwúrọ̀ yìí ni wọ́n fẹ́ ṣiṣẹ́ abẹ fún un nímú.

Èmi àti ìyá rẹ̀, tí í ṣe ẹ̀gbọ́n mi, la jọ dúró ní oríta tí à ń retí ọkọ̀. Fìláàsì omi gbígbóná wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìwé ẹ̀jẹ̀ páìǹtì kan tí àbúrò ọmọ náà lọ fi sílẹ̀ ní báǹkì ẹ̀jẹ̀ wà nínú báàgì mi.

Ohun tí mo kọ nípa ọ̀dẹ̀dẹ̀ àti wọ́ọ̀dù, ojú mi ló rí i. Ti inú tíátà, inú ìwé tí dókítà oògùn oorun ń kọ ní ìṣẹ́jú márùn-ún márùn-ún ni mo ti rí aago rẹ̀, oníṣẹ́ abẹ sì jókòó tì mí lẹ́yìn náà, ó ṣàlàyé èyí tó kù. Ọmọ náà ló ní kí n kọ ọ́, kí àwọn ará Kárà lè gbọ́.

Aago 6:00

Inú ọkọ̀ ni ẹ̀gbọ́n mi ti tún gbé ọ̀rọ̀ ọjọ́ náà dìde, bí ẹni pé kò sọ ọ́ fún mi rí. Ọdún mẹ́ta sẹ́yìn, wọ́n ń fa akọ màlúù kan gòkè ọkọ̀. Ẹran náà ju orí. Ìwo kò kan ọmọ, ṣùgbọ́n iwájú orí ẹran gbá a nímú, ẹ̀jẹ̀ sì tú. Ilé ìwòsàn kékeré tí wọ́n gbé e lọ fi òwú sí i nímú, wọ́n ya ẹ́ksíréè, wọ́n ní eegun kankan kò ṣẹ́, wọ́n fún un ní oògùn ìrora, wọ́n ní kó máa lọ sílé. Kò sẹ́ni tó tan iná wo inú imú. Lọ́jọ́ kejì, ihò imú méjèèjì ti dí. Lọ́jọ́ kẹrin, ibà dé. Kó tó pé oṣù méjì, àárín igi imú rẹ̀ ti rì wọlé, orí imú sì ti wálẹ̀. Láti ìgbà náà ẹnu ló fi ń mí, lójú oorun àti lójúmọ́.

Ó yẹ kí n dúró síbí, torí ibí gan-an ni ọ̀ràn wà. Ògiri kan ló pín imú sí méjì. Ẹ̀yìn ògiri náà jẹ́ eegun líle, ṣùgbọ́n iwájú rẹ̀ jẹ́ kérékéré, eegun rírọ̀ irú ti etí, òun ló sì gbé ìsàlẹ̀ igi imú dúró. Kérékéré kò ní iṣan ẹ̀jẹ̀ tirẹ̀. Awọ tó bò ó lọ́tùn-ún lósì ló ń bọ́ ọ. Bí nǹkan bá gbá èèyàn nímú, ẹ̀jẹ̀ lè sun sáàárín awọ yẹn àti kérékéré, kó kóra jọ, kó sì ti awọ kúrò lára rẹ̀. Oúnjẹ ti dá nìyẹn. Láàárín ọjọ́ mélòó kan kérékéré lè kú, bí ó bá sì di ọyún, kíákíá ni yóò jẹ tán. Ẹ́ksíréè kì í fi èyí hàn. Ojú ni wọ́n fi ń rí i: ara ògiri náà yóò wú lápá méjèèjì, bí dókítà bá fi òwú orí igi tẹ̀ ẹ́, yóò rọ̀ lábẹ́ ọwọ́. Kò sì gbà ju kí wọ́n là á díẹ̀, kí ẹ̀jẹ̀ náà jáde, kí wọ́n fi òwú tẹ awọ padà mọ́ kérékéré.

Inú ń bí mi tí mo bá rántí bí iṣẹ́ yẹn ṣe kéré tó. Ẹni màlúù gbá, ẹni tó já lórí ọ̀kadà, ọmọdé tó fi imú gbálẹ̀: bí ihò imú méjèèjì bá dí lẹ́yìn rẹ̀, ẹ má sùn lé e lórí. Ẹ padà sọ́dọ̀ dókítà lọ́jọ́ náà, kí ẹ sì sọ fún un pé kó tan iná wo inú rẹ̀. Bí wọn kò bá rí nǹkan kan, ẹ tún padà lọ lẹ́yìn ọjọ́ kan sí méjì.

Aago 7:30

A bá a lórí ibùsùn, kò jẹun láti òru, ó ti wọ aṣọ tíátà. Oníṣẹ́ abẹ wọlé, ó kí ẹ̀gbọ́n mi, "Ẹ káàárọ̀, Mà," ó sì mú bírò aláwọ̀ àlùkò jáde. Ó fa ìlà sí ìhà ọ̀tún ọmọ náà, lábẹ́ ọmú, ó sì fa òmíràn sórí igi imú. Kó tó lọ, ó fi ìka méjì fa ẹ̀rẹ̀kẹ́ ọmọ náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ díẹ̀.

"Mí fún mi."

Ọmọ mí. Afẹ́fẹ́ wọ imú, a gbọ́ ọ, ojú ọmọ náà sì là. Oníṣẹ́ abẹ jọ̀wọ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́, imú tún dí.

Ìdánwò kékeré yẹn ló sọ ibi tí ìṣòro wà. Nínú imú lókè, ibi tí ògiri àárín ti pàdé ògiri ẹ̀gbẹ́, ọ̀nà kan wà tó há ju gbogbo ibi yòókù lọ. Bí igi imú bá rì, ọ̀nà yìí ló ń tì. Ọ̀nà afẹ́fẹ́ sì le: nínú páìpù tí afẹ́fẹ́ ń gbà wọ́ọ́rọ́wọ́, bí ìbú rẹ̀ bá dín sí ìdajì, ohun tó ń gba ibẹ̀ kọjá á dín sí ìdá kan nínú 16. Ìdí nìyẹn tí ìwọ̀nba díẹ̀ tí wọ́n bá fi kún fífẹ̀ rẹ̀ fi lè dá oorun padà fún èèyàn.

Lẹ́yìn náà oníṣẹ́ abẹ béèrè ohun tó ti béèrè nígbà mélòó kan: "Irú imú wo lo fẹ́ kí n ṣe fún ọ?"

"Tèmi ni, sà." Ọmọ náà na fọ́tò kékeré kan sí i, èyí tó yà fún ìdánwò WAEC. Imú bàbá bàbá rẹ̀ ló wà níbẹ̀, èyí tó fẹ̀ nísàlẹ̀, tí igi rẹ̀ kò ga jù. Oníṣẹ́ abẹ lẹ̀ ẹ́ mọ́ iwájú fáìlì. Mo fẹ́ràn rẹ̀ gan-an fún èyí. Ojú àwọn òyìnbó ni wọ́n fi wọn ọ̀pọ̀ ohun tó wà nínú ìwé iṣẹ́ abẹ imú, àwọn ọmọ wa kan sì ń fi owó ńlá wá imú tóóró tí kò bá ojú wọn mu. Ọmọ yìí kò tọrọ imú ẹlòmíràn. Ó fẹ́ kí ojú tí a bí mọ́ ọn padà, kó sì lè pa ẹnu dé sùn.

Aago 9:10

Wọ́n ti ilẹ̀kùn tíátà. Kí ẹnikẹ́ni tó fọwọ́ kan abẹ, nọ́ọ̀sì ka ìwé àyẹ̀wò tí Àjọ Ìlera Àgbáyé gbé jáde ní 2008 sókè: orúkọ aláìsàn, irú iṣẹ́ abẹ, ibi tí wọ́n fẹ́ là, oògùn tí ara rẹ̀ kọ̀, ẹ̀jẹ̀ tó wà nílẹ̀. Dókítà oògùn oorun fún un lábẹ́rẹ́, ó ti rọ́bà gba ẹnu wọ ọ̀nà ọ̀fun, ó sì fi gọ́ọ̀sì tútù dí ọ̀fun kí ẹ̀jẹ̀ má ṣàn lọ sínú ikùn. Nọ́ọ̀sì kọ gọ́ọ̀sì yẹn sára pátákó ògiri, torí wọn kò gbọ́dọ̀ gbàgbé rẹ̀ síbẹ̀.

Aago 9:35, abẹ́rẹ́ wọ imú àti àyà: oògùn tó ń pa ibẹ̀ kú, pẹ̀lú ádírẹ́nálínì kíún tó ń fún àwọn iṣan ẹ̀jẹ̀ pọ̀. Wọ́n dúró kó ṣiṣẹ́. Bí wọn kò bá dúró, ẹ̀jẹ̀ yóò bo ojú iṣẹ́.

Aago 9:50

Abẹ gé awọ kékeré tó wà láàárín ihò imú méjèèjì, lábẹ́ orí imú, ó sì gba inú ihò méjèèjì kọjá. Wọ́n ká awọ imú sókè díẹ̀díẹ̀ títí igi imú fi hàn.

Bí ògiri àárín bá yè, ibẹ̀ ni wọ́n ti máa ń kọ́kọ́ mú kérékéré, wọn yóò kàn fi nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà kan sílẹ̀ lókè àti níwájú kí imú má bàa wó. Ti ọmọ yìí kò yè. Ibi tó yẹ kí kérékéré wà, àpá ni oníṣẹ́ abẹ bá, awọ ọ̀tún ti lẹ̀ mọ́ awọ òsì. Etí ni wọ́n tún ń yà sí, èyí tí wọ́n bá sì gé lẹ́yìn rẹ̀ kì í yí ìrísí etí padà, ṣùgbọ́n kérékéré etí rọ̀, ó sì tẹ̀. Kò lè gbé igi imú tó ti rì tó báyìí. Ìhà ló kù.

Aago 10:40

Ojú ìlà bírò náà ni wọ́n gé. Ojú ọgbẹ́ kò ju sẹ̀ǹtímítà mẹ́rin lọ. Wọ́n ya ẹran sọ́tọ̀ títí wọ́n fi dé eegun ìhà keje, níbi tí eegun líle ti parí tí kérékéré ti bẹ̀rẹ̀. Nínú àgbàlagbà, kérékéré ìhà máa ń le di eegun. Ti ẹni ọdún 23 ṣì funfun, ó rọ̀ tó láti gbẹ́. Oníṣẹ́ abẹ bó awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tó bò ó, ó fi irin tẹ́ẹ́rẹ́ gba abẹ́ rẹ̀ kọjá kó má bàa gún awọ ẹ̀dọ̀fóró, ó sì gé gígùn tó nílò.

Lẹ́yìn náà wọ́n ṣe ohun kan tí mo ní kó tún sọ fún mi lẹ́ẹ̀mejì. Wọ́n bu omi iyọ̀ sínú ihò ọgbẹ́ náà títí ó fi kún. Oníṣẹ́ abẹ ní, "Ẹ fẹ́ ẹ." Dókítà oògùn oorun fún báàgì atẹ́gùn mọ́ ọwọ́, ó sì dì í mú, ẹ̀dọ̀fóró wú. Gbogbo ojú wà lára omi. Bí awọ ẹ̀dọ̀fóró bá ti lu, afẹ́fẹ́ yóò hó nínú omi náà. Omi mì díẹ̀. Kò hó. Ẹ̀rọ fa omi kúrò, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í rán àyà.

Aago 11:30

Nínú ìwé dókítà oògùn oorun, ibi yìí fẹ́rẹ̀ẹ́ ṣófo: ìwọ̀n ẹ̀jẹ̀, ìlù ọkàn, kò sí ìyípadà. Wọ́n ń dúró ni. Kérékéré ìhà tí a gbẹ́ máa ń ká bíi pákó tútù tí a sá sóòrùn. Ní 1958, Thomas Gibson àti W. B. Davis tẹ ìwé jáde ní Britain tó sọ ìdí rẹ̀: ara òde kérékéré ń fa, ara inú rẹ̀ ń tì, bí a bá gé apá kan jù, ìkejì á borí. Torí náà àárín gbùngbùn ni oníṣẹ́ abẹ gbẹ́, ó gé ẹ̀gbẹ́ méjèèjì dọ́gba, ó sì fi àwọn ègé náà sínú àwo omi iyọ̀ fún bí ìdajì wákàtí, kí èyí tó fẹ́ ká lè ká lójú rẹ̀.

Lọ́dọ̀ wa ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ẹ̀gbọ́n mi ń ka tẹ̀sùbáà. Ọkàn mi lọ sọ́dọ̀ ọkùnrin kan tó ń da màlúù bíi ti wa: Cowasjee, ará Íńdíà, tó ń da màlúù fún ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì. Àwọn ọmọ ogun Tipu Sultan, ọba tó ń bá Gẹ̀ẹ́sì jà, mú un, wọ́n sì gé e nímú. Oníṣẹ́ ọwọ́ kan nítòsí Poona fi ìda wọn ìrísí imú, ó gé awọ iwájú orí, ó yí i wálẹ̀, ó sì rán an di imú. Ìwé ìròyìn Gentleman's Magazine ní London gbé e jáde ní October 1794. Joseph Carpue kà á, ó sì ṣe irú rẹ̀ fún ológun kan ní London ní October 23, 1814. Íńdíà ti ń ṣe iṣẹ́ yìí fún ọ̀pọ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún kí Yúróòpù tó jí sí i.

Awọ nìkan kì í sì í gbé imú dúró. Yóò bo ojú ihò, lẹ́yìn náà yóò máa súnkì, nítorí kò sí òpó nínú rẹ̀. Ogun Àgbáyé Kìíní ló kó ọ̀pọ̀ ojú tó bàjẹ́ bá Harold Gillies, ọmọ New Zealand tó ń ṣiṣẹ́ ní Britain. Lára àwọn ológun bẹ́ẹ̀ ni William Spreckley, tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ ní January 1917. Gillies gé kérékéré ìhà rẹ̀, ó kọ́kọ́ rì í sábẹ́ awọ iwájú orí, ó wá yí awọ àti kérékéré wálẹ̀ pa pọ̀. Imú náà kọ́kọ́ wú débi pé wọ́n fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Nígbà tí Spreckley fi ilé ìwòsàn sílẹ̀ ní October 1920, imú tó dára ló gbé lọ.

Kérékéré gba irú ìṣílọ bẹ́ẹ̀ nítorí ohun kan náà tó pa ti ọmọ wa. Níwọ̀n bí kò ti ní iṣan ẹ̀jẹ̀, ìwọ̀nba oúnjẹ tó ń sun láti ara tó yí i ká ló ń jẹ. Bí ẹ bá gbé e sáàárín ara tó yè, tí ó fara mọ́ ọn tímọ́tímọ́, yóò yè. Bí ẹ̀jẹ̀ dídì bá dá wọn sí méjì, yóò kú.

Aago 12:10

Ègé kan ti ká díẹ̀ nínú omi. Wọ́n gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́, wọ́n lo èyí tó dúró gbọnrangandan.

Àwọn ègé tín-ín-rín méjì ló kọ́kọ́ wọlé, ọ̀kan lápá ọ̀tún, ọ̀kan lápá òsì, láàárín ògiri àárín àti ògiri ẹ̀gbẹ́, ní ọ̀nà híhá tí ìdánwò ẹ̀rẹ̀kẹ́ fi hàn. Jack Sheen, oníṣẹ́ abẹ ní California, ló kọ nípa irú ègé yìí ní 1984, kò sì sí ibi tí wọ́n ti ń ṣiṣẹ́ abẹ imú lónìí tí wọn kò mọ̀ ọ́n. Iṣẹ́ wọn ni láti ti ògiri ẹ̀gbẹ́ síta, kí ọ̀nà afẹ́fẹ́ lè ṣí. Ẹni tó bá wo ọmọ náà lójú kò ní rí wọn. Èmi kà wọ́n sí ọkàn iṣẹ́ náà.

Ẹ̀kẹta di òpó kékeré tó gbé orí imú sókè. Ẹ̀kẹrin, tó gùn jù, tí wọ́n gbẹ́ etí rẹ̀ títí kò fi ní igun, di igi imú gan-an. Oníṣẹ́ abẹ tẹ́ ẹ sílẹ̀, ó da awọ bò ó, ó wo fọ́tò WAEC, ó ní ó ga jù. Ó yọ ọ́, ó fá a, ó dá a padà. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló ṣe bẹ́ẹ̀. Nọ́ọ̀sì sọ fún mi pé ní ẹ̀ẹ̀kẹta, ó na fọ́tò náà sí gbogbo wọn kí wọ́n bá òun wò ó.

Aago 1:45 ọ̀sán

Wọ́n rán awọ pa. Wọ́n fi rọ́bà pẹlẹbẹ sínú ihò imú méjèèjì kí awọ ọ̀tún àti òsì má bàa tún lẹ̀ mọ́ra, wọ́n sì fi ìbòrí líle bo igi imú níta. Wọ́n ka gọ́ọ̀sì, ó pé. Wọ́n yọ ti ọ̀fun. Aago 2:05, wọ́n fa rọ́bà ọ̀nà ọ̀fun jáde, ọmọ náà sì wúkọ́.

Aago 4:00 ìrọ̀lẹ́

Oníṣẹ́ abẹ wá bá wa ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ìlà fìlà tíátà ṣì wà níwájú orí rẹ̀. Ó ní gbogbo rẹ̀ lọ bó ṣe yẹ. Ẹ̀gbọ́n mi fẹ́ kúnlẹ̀, dókítà sáré dì í mú, "Rárá, Mà, ẹ jọ̀ọ́."

Kò fi ohun tó lè ṣẹlẹ̀ pa mọ́ fún wa. Kòkòrò àrùn lè wọ̀ ọ́. Igi imú tuntun lè wọ́ díẹ̀, nítorí kérékéré ìhà lè ká pẹ̀lú gbogbo ìṣọ́ra. Ojú ọgbẹ́ àyà ló ń ba òun lẹ́rù jù, torí àyà jẹ́ ibi tí àpá ti máa ń wú di kílọ́ìdì lára àwa dúdú, ó sì ti béèrè lọ́wọ́ ọmọ náà tẹ́lẹ̀ bóyá kílọ́ìdì wà nínú ẹbí. Kò sí. Wọn yóò yọ okùn ìta àti ìbòrí ní ọjọ́ keje. Kò gbọ́dọ̀ fun imú rárá, bí ó bá sì fẹ́ sín, kó la ẹnu. Ó lè tó ọdún kan kí wíwú tó lọ tán, nítorí awọ imú wa nípọn.

"Ṣé ó ti ń fi imú mí?" ni ẹ̀gbọ́n mi béèrè.

"Kò tíì lè mí nímú báyìí, Mà. Rọ́bà àti ẹ̀jẹ̀ ṣì wà níbẹ̀. Ẹ fún un ní ọ̀sẹ̀ kan."

Aago 6:30

Ojú ọmọ náà ti wú, abẹ́ ojú ti ń dúdú. Wọ́n gbé orí ibùsùn ga. Gọ́ọ̀sì kékeré wà lábẹ́ imú rẹ̀, nọ́ọ̀sì sì ti pààrọ̀ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Bàbá rẹ̀ pè láti Kárà, mo gbé fóònù sí i létí. Ohùn ọmọ náà dà bíi ti ẹni tí ọ̀fìnkìn mú, ṣùgbọ́n ohun tó kọ́kọ́ béèrè ni iye tí wọ́n ta àwọn ẹran tó dé lóru. Bàbá sọ fún un. Ó ní owó náà kéré jù.

Ó wá kọjú sí mi: "Àǹtí, ìgbà wo ni wọ́n ní mo lè padà sí Kárà?" Mo ní dókítà sọ pé kó má sún mọ́ ibi tí ohunkóhun ti lè gbá a nímú fún ọ̀sẹ̀ mẹ́fà, ó kéré tán. Kò dùn mọ́ ọn nínú.

Aago 10:00 alẹ́

Ọmọ náà kò rí oorun sùn. A rò pé imú ni, ó ní rárá, àyà ló ń dun òun, pàápàá tí òun bá mí sínú. Nọ́ọ̀sì alẹ́ sọ pé bẹ́ẹ̀ ló máa ń rí fún ẹni tí wọ́n bá gé kérékéré ìhà rẹ̀: lálẹ́ àkọ́kọ́, ibi tí wọ́n ti mú un máa ń dùn ju ibi tí wọ́n gbé e sí lọ. Ó fún un lábẹ́rẹ́ ìrora, ó ní kó máa mí jinlẹ̀ bó ti wù kó dùn tó, kí ìsàlẹ̀ ẹ̀dọ̀fóró má bàa pa dé.

Ẹ̀gbọ́n mi bi í léèrè ìgbà tí òmíràn tún kàn.

"Aago 4:00 ìdájí, Mà. Bó bá dùn ún kó tó di ìgbà yẹn, ẹ pè mí, mi ò jìnnà."